Bí ẹ ṣe lè yan òṣèré fún fíìmù ní Ògbómọ̀ṣọ́, tó bá jẹ́ pé ẹ̀yin náà ń ṣe eré

Tó bá jẹ́ pé òṣèré ni yín, tí pródúsà kan wá pè yín lọ́jọ́ kan pé ẹ bá òun wá àwọn tó máa kópa nínú fíìmù òun, ohun tẹ́ ẹ máa kọ́kọ́ rò ni pé iṣẹ́ yẹn á rọrùn, ṣebí ẹ mọ eré ṣe, ẹ mọ èèyàn, nọ́ńbà gbogbo ọmọ tíátà láti Tákíé dé Sábó wà lórí fóònù yín. Bẹ́ẹ̀ lèmi náà ṣe rò ó. Mo ti ń ṣe eré fún ọdún 9 kí ẹnikẹ́ni tó ní kí n wá bá òun yan òṣèré, ẹ̀ẹ̀mejì àkọ́kọ́ tí mo ṣe é ni mo bà á jẹ́, torí mi ò mọ̀ pé eré tí mo mọ̀ ọ́n ṣe yẹn gan-an ló máa dí mi lọ́wọ́. Bí mo ṣe ń ṣe é báyìí ni mo fẹ́ sọ fún yín.

Kí òṣèré máa yan òṣèré kì í ṣe nǹkan tuntun o. Nílẹ̀ Faransé, àwọn kan wà tó ń ṣe méjèèjì, ẹni tí mo fẹ́ràn jù nínú wọn ni Dominique Besnehard. Òun ló wá òṣèré fún fíìmù Maurice Pialat kan tó jáde ní 1983, À nos amours, òun náà ló tún ṣe ẹ̀gbọ́n ọkùnrin fún ọmọbìnrin tí ìtàn yẹn dá lé. Sandrine Bonnaire ni ọmọbìnrin náà, ọmọ ọdún 16 ni nígbà tí fíìmù yẹn jáde, kò tíì kó ipa ńlá kankan rí, nígbà tó fi máa di 1984 wọ́n ti gbé César, ẹ̀bùn fíìmù àwọn Faransé, fún un, èyí tí wọ́n ń fún òṣèrébìnrin tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń yọjú. Ẹ wò ó, ẹni tó yàn án ló tún wọlé dúró níwájú kámẹ́rà tí wọ́n jọ ń fa wàhálà nínú ilé kan náà, kò jókòó sẹ́yìn tábìlì kó máa nàka sí èèyàn. Àwọn Amẹ́ríkà tí wọ́n ń fún ọ̀pọ̀ iṣẹ́ inú fíìmù ní Oscar látọjọ́ pípẹ́, 2024 ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ kéde pé àwọn máa dá tiẹ̀ yà sọ́tọ̀ fún ẹni tó yan òṣèré, àwọn fíìmù tó jáde ní 2025 ni wọ́n sì fi bẹ̀rẹ̀ ẹ̀. Lọ́dọ̀ tiwa ńkọ́, ọ̀gá ẹgbẹ́ ló máa ń pín ipa fáwọn ọmọ ẹ̀, ẹni tó bá sún mọ́ ọn jù ló ń gba èyí tó dáa jù, èyí ló jẹ́ kó jẹ́ pé ojú kan náà là ń rí nínú fíìmù mẹ́wàá, ìyá nínú èyí, ìyá nínú ìyẹn. Ìlú tí wọ́n bí Lérè Pàímọ́ sí nìyí o, Ẹ̀dá Onílé Ọlà, èèyàn ò lè wọ́n wa níbí.

Ẹ kọ́kọ́ ka ìwé eré náà tán kẹ́ ẹ tó pe ẹnikẹ́ni. Ẹ ka gbogbo ẹ̀, kì í ṣe síìnì tó bá wù yín nìkan. Lẹ́yìn náà, ẹ mú ìwé kan, ojú ewé kan fún ẹnì kọ̀ọ̀kan tó wà nínú ìtàn, kẹ́ ẹ wá kọ ohun tẹ́ ẹ mọ̀ nípa ẹ̀ síbẹ̀. Púpọ̀ nínú wa, ohun tá a máa ń kọ ò ju "ìyá àgbà, dúdú, ó sanra, ọdún 50 sí 60". Irú ẹni bẹ́ẹ̀ pọ̀ lọ́jà bí ewé, kí lẹ máa fi mọ èyí tẹ́ ẹ fẹ́? Èyí tí mo kọ kẹ́yìn rèé: "Ó ń ta láfún. Ó ti kó owó àjọ jẹ, ọkọ ẹ̀ ò tíì mọ̀. Ó máa ń rẹ́rìn-ín díẹ̀ kó tó sọ ohun tó ń dùn ún. Kì í jókòó tí àlejò bá wà ní ìdúró." Tẹ́ ẹ bá kọ ọ́ báyìí, tí ẹni náà bá wọlé ẹ máa mọ̀ ọ́n, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó pupa, tó tún tín-ín-rín.

Ẹ má jẹ́ kí ìkéde yín mọ sórí WhatsApp àwọn ọmọ tíátà, torí àwọn èèyàn 20 tí gbogbo wa ti mọ̀ náà ló máa dé. Ẹ gbé e lọ sí rédíò ìlú, ẹ lẹ̀ ẹ́ mọ́ ògiri ní Under G níbi táwọn ọmọ yunifásítì LAUTECH pọ̀ sí, ẹ sọ fáwọn ẹgbẹ́ eré ṣọ́ọ̀ṣì, ìlú Onítẹ̀bọmi ni Ògbómọ̀ṣọ́, ibí ni wọ́n ti dá ilé ẹ̀kọ́ tí wọ́n ti ń kọ́ pásítọ̀ wọn sílẹ̀ ní 1898, ṣọ́ọ̀ṣì tí ò láwọn ọ̀dọ́ tó ń ṣe eré lọ́dún Àjíǹde ò pọ̀, ẹ sọ fáwọn ẹgbẹ́ àsáláátù náà, ẹ sọ fáwọn ìyá tó ń dá àjọ pọ̀ lọ́jà. Ìkéde lásán ti bí òṣèré ńlá rí. Ní 1958, François Truffaut tó ń múra fíìmù gígùn àkọ́kọ́ ẹ̀ sílẹ̀ fi ìkéde sínú ìwé ìròyìn France-Soir ní Paris pé òun ń wá ọmọkùnrin kan, ọ̀pọ̀ ọmọ ló wá, Jean-Pierre Léaud wà nínú wọn, ọmọ ọdún 14. Fídíò ọ́díṣọ̀n yẹn ṣì wà títí dòní. Ohun tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ mú níbẹ̀ ni pé Truffaut ò fi tipátipá kó ọ̀rọ̀ inú ìwé sí i lẹ́nu, ó ń bi í ní ìbéèrè nípa ara ẹ̀ ni, ọmọ náà ń dáhùn, ó ń rẹ́rìn-ín, nígbà tí wọ́n sì máa ya fíìmù náà, ọ̀pọ̀ ọ̀rọ̀ ni wọ́n jẹ́ kó sọ bó ṣe máa ń sọ ọ́ fúnra ẹ̀.

Owó ńkọ́? Ẹ má gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Mi ò lè sọ ọ́ kó tó. Nígbà tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀, ibì kan wà tí wọ́n ti ní ká ra fọ́ọ̀mù, mo san án, a tó ọgọ́rùn-ún tá a jókòó sí gbangba láti àárọ̀ di ìrọ̀lẹ́, wọ́n pe bí ẹni 15, wọ́n ní kí àwa tó kù máa lọ, wọ́n máa pè wá. Títí dòní wọn ò pè. Owó tí mo fi ra fọ́ọ̀mù yẹn, owó tí màmá mi ní kí n fi ra bàtà ilé ìwé fún àbúrò mi ni, mo ṣì máa ń rántí ẹsẹ̀ ọmọ yẹn. Ẹni tó bá ń ta fọ́ọ̀mù ọ́díṣọ̀n, fọ́ọ̀mù ló ń tà, kò wá òṣèré. Tẹ́ ẹ bá lágbára, ẹ ra omi, ẹ ra pọfupọ́ọ̀fù, tí ẹnikẹ́ni bá sì ti Ọ̀yọ́ tàbí Ìsẹ́yìn wá, ẹ fún un ní owó mọ́tò padà sílé. Pródúsà tó bá ní òun ò lè san ìyẹn, ẹ wò ó dáadáa kẹ́ ẹ tó bá a ṣiṣẹ́.

Yàrá tí mo máa ń lò ni kíláàsì ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ kan lọ́jọ́ Sátidé, ọ̀gá ilé ìwé ló gbà fún wa. Ẹ yan èyí tí ò kọjú sí títì, tórí ọ̀kadà. Aago 9 sí aago 2 ni kẹ́ ẹ fi sí, ìmọ́lẹ̀ máa ń dáa lákòókò yẹn, kẹ́ ẹ má fi gbẹ́kẹ̀ lé iná ìjọba, kẹ́ ẹ má sì tan jẹnẹrétọ̀ torí ohùn ni púpọ̀ nínú ohun tẹ́ ẹ wá gbà. Ẹni tó ń ka ìwé kọjú sí fèrèsé, kámẹ́rà wà láàárín òun àti fèrèsé, ògiri lásán lẹ́yìn ẹ̀. Fóònù náà tó, ẹ fi sí ìbú, kẹ́ ẹ gbé e dọ́gba pẹ̀lú ojú èèyàn, tẹ́ ẹ bá gbé e sísàlẹ̀ jù, ihò imú lẹ máa yà. Ìṣẹ́jú 10 fún ẹnì kan, ẹni 6 ní wákàtí kan, ẹ sọ àkókò fún oníkálukú kó tó kúrò nílé kí ẹnikẹ́ni má bàa jókòó láti àárọ̀. Ẹnì kan á máa kọ orúkọ àti nọ́ńbà, ẹnì kan á máa ya fídíò, ẹ̀yin á máa bá wọn ka ìwé.

Ẹni tó ń bá wọn ka yẹn, ibi tí òṣèré ti lè ran òṣèré lọ́wọ́ nìyẹn. Ẹ jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ kámẹ́rà, kí ojú yín kọ ojú wọn. Ẹ kà á bí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ nínú ilé ẹ̀. Ẹ má sunkún, ẹ má pariwo, ẹ má wo fóònù, ẹ ò gbọ́dọ̀ kà á bí ẹni ka àkọsílẹ̀ ìpàdé náà o, torí ẹni tó dúró níwájú yín yẹn, gbogbo ohun tó ní láti fi ṣiṣẹ́ ò ju ojú yín àti ohùn yín lọ.

Ohun tó wá ṣe pàtàkì jù nínú gbogbo ọ̀rọ̀ yìí ni pé ẹ má ṣe é fún wọn. Ó máa ṣe yín bíi kẹ́ ẹ ṣe é. Ẹ máa rí ọmọ kan tó ń ka ọ̀rọ̀ gbẹrẹfu, ẹ mọ̀ lọ́kàn yín bó ṣe yẹ kó rí, ẹsẹ̀ á máa jó yín, ẹ̀ ẹ́ fẹ́ dìde sọ pé "ṣe é báyìí". Lẹ́ẹ̀kejì tí mo yan òṣèré, ọmọbìnrin 14 ló wá fún ipa ìyàwó tí wọ́n lé jáde, gbogbo wọn ni mo dìde fún, mo wó lulẹ̀ níwájú wọn, mo fi gèlè nu ojú, mo fi bí mo ṣe máa ń sunkún hàn wọ́n. Nígbà tí èmi àti pródúsà jókòó wo fídíò lálẹ́, ọmọ 14 ló wó lulẹ̀ bákan náà, gbogbo wọn fi gèlè nu ojú bákan náà, pródúsà ò bínú, ó kàn yíjú sí mi, ó ní, "Àǹtí, mi ò rí ẹnikẹ́ni níbí, ìwọ ni mò ń rí." Gbogbo ọjọ́ kan ti ṣòfò. Ọmọ kan wà nínú wọn tí mo rántí pé ohun tó ń ṣe kí n tó dìde yàtọ̀ pátápátá, ó kàn ń ká ẹrù ẹ̀ jọ láìsọ̀rọ̀, èmi ni mo gbà á lọ́wọ́ ẹ̀.

Dípò kẹ́ ẹ ṣe é fún wọn, ẹ fún wọn ní nǹkan kan tuntun, ọ̀kan péré, kẹ́ ẹ ní kí wọ́n tún un kà. Kì í ṣe "fi ìmọ̀lára sí i", kò sẹ́ni tó mọ ohun tí ìyẹn jẹ́. Ẹ fún wọn ní ohun tí wọ́n lè rí lójú. Télọ̀ kan wá láti Arówómọlẹ̀, ṣọ́ọ̀bù ló ti wá tààrà, téèpù ìwọnṣọ ṣì wà lọ́rùn ẹ̀. Ìlà tó fẹ́ kà ni "Mo ti sọ fún ẹ pé kò sówó, Rìsíkátù, ibo ni kí n ti jí i?" Ó fi ohùn bí ti aláriwo ọjà sọ ọ́, ọwọ́ ẹ̀ méjèèjì lókè, ọrùn ẹ̀ le, bó ṣe rí i táwọn bàbá tíátà ń ṣe é lórí pápá láyé àtijọ́ tí kò sí makirofóònù. Mo ní, "Ẹ kú iṣẹ́ Bọ̀ọ̀dá. Ọmọ yín ń sùn lórí ẹní níbi ẹsẹ̀ yín yẹn o, ẹ má jẹ́ kó jí." Ó ní, "Ẹ̀ẹ́n-ẹ́n, Àǹtí." Ó wo ilẹ̀ lápá ọ̀tún ẹsẹ̀ ẹ̀. Ó dákẹ́, ó pẹ́ díẹ̀, ẹni tó ń kọ orúkọ gbójú sókè torí ó rò pé ó ti gbàgbé ìlà ẹ̀ ni. Ó wá bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ díẹ̀, ó na ọwọ́ kan, ó fa aṣọ tí kò sí níbẹ̀ bo ẹsẹ̀ ọmọ tí kò sí níbẹ̀, ibi tó ti ń fa aṣọ yẹn ló ti sọ ọ́, wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́, láìwo mi, "Ibo ni kí n ti jí i?" Kò sí aṣọ nínú ìwé. Kò sí ọmọ tó ń sùn nínú ìwé. Òun la mú. Nígbà tá a ya fíìmù náà, dáríkítọ̀ ní kí wọ́n wá ọmọ gidi kan tẹ́ sórí ẹní.

Ìdí nìyẹn tí mi ò fi ń fi kíkà àkọ́kọ́ dá ẹnikẹ́ni lẹ́jọ́ mọ́. Kíkà àkọ́kọ́, ẹ̀rù ló ń kà á. Ohun tí mo ń wò ni bóyá nǹkan kan yí padà lẹ́ẹ̀kejì. Ẹni tó bá kà á dáadáa lẹ́ẹ̀kíní, tẹ́ ẹ sọ̀rọ̀ fún, tó tún kà á bákan náà gẹ́lẹ́, ẹ rọra o, bó ṣe máa rí lórí lòkéṣọ̀n náà nìyẹn, dáríkítọ̀ á sọ ọ́ títí.

Ọ̀rọ̀ èdè. Tí ìtàn bá jẹ́ ti Ògbómọ̀ṣọ́ tàbí Ọ̀yọ́, ẹ fetí sí ẹnu èèyàn. Ọmọ Èkó tó ń fi gẹ̀ẹ́sì lú Yorùbá dáa fún ọmọ tó ti ìlú ńlá dé, kò lè ṣe ìyálé nínú agbo ilé. Tí ẹnì kan bá wọlé tó ń pe iṣu ní "isu" bí wọ́n ṣe ń pè é ní Ìbàdàn, ẹ má tún un ṣe fún un, mo ti rí ẹni tí wọ́n tún ẹnu ẹ̀ ṣe níwájú èèyàn tí kò lè sọ gbólóhùn kan tó dán mọ́rán mọ́ títí tó fi jáde. Àwọn àgbàlagbà tó ní ilà lójú náà, àbàjà, gọ̀ǹbọ́, wọn ò pọ̀ mọ́, fíìmù ayé àtijọ́ sì ń wá wọn gan-an, ní pàtàkì látìgbà tí Kúnlé Afọláyan ti ya Aníkúlápó tó jáde ní 2022 ní Igbójàyè, ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ wa níbí. Ẹ lọ bá wọn nílé, ẹ kúnlẹ̀ kí wọn, ẹ má ní kí bàbá ẹni ọdún 80 wá tò lórí ìlà. Kẹ́ ẹ sì san owó gidi fún wọn, ojú yẹn kì í ṣe ohun tí wọ́n ń yà lọ́fẹ̀ẹ́.

Lẹ́yìn tẹ́ ẹ bá ti rí ẹni 2 tàbí 3 fún ipa kọ̀ọ̀kan, ẹ pè wọ́n padà, àmọ́ lẹ́ẹ̀kejì yìí ẹ pa wọ́n pọ̀. Ẹ jẹ́ kí ìyá àti ọmọ jọ ṣa ẹ̀wà, ẹ jẹ́ kí ọkọ àtìyàwó jọ ṣe ìṣirò owó oṣù, láìsí ìwé lọ́wọ́. Òṣèré méjì tó dáa lọ́tọ̀ọ̀tọ̀ lè jókòó pọ̀ kẹ́ ẹ má gbà pé wọ́n ti jọ sùn sábẹ́ òrùlé kan rí. Laurent Cantet, ará Faransé náà ni, nígbà tó ń ṣe fíìmù nípa kíláàsì kan ní Paris, Entre les murs, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ gidi ló kó jọ nínú ilé ìwé kan, wọ́n sì fi ọdún ìwé kan jọ ń pàdé, wọ́n ń ṣeré, wọ́n ń jiyàn, kí wọ́n tó ya fíìmù. Ní 2008 ló gba Palme d'Or, ẹ̀bùn tó ga jù níbi àjọ̀dún fíìmù Cannes. Àwa ò ní ọdún kan, pródúsà wa ò lè fún wa ní ju ọ̀sẹ̀ kan lọ, àmọ́ ọ̀sán méjì tí wọ́n bá fi jọ wà pọ̀ á hàn nínú fíìmù.

Tó bá jẹ́ ọmọdé, ẹ fọwọ́ pàtàkì mú ọ̀rọ̀ ẹ̀. Lọ́dọ̀ àwọn Faransé, ọmọ tí ò tíì pé ọdún 16 ò lè ṣe fíìmù láìjẹ́ pé ìjọba fọwọ́ sí i, apá kan owó tó bá sì gbà, wọ́n máa ń fi pa mọ́ fún un títí tó fi máa dàgbà, kí òbí má bàa ná an. Òfin ẹ̀tọ́ ọmọdé ti 2003 tiwa náà sọ pé ẹni tí ò tíì pé ọdún 18, ọmọdé ni. Nítorí náà, òbí tàbí alágbàtọ́ gbọ́dọ̀ jókòó sínú yàrá yẹn, kì í ṣe ìta. Kò sí ọ́díṣọ̀n lásìkò ilé ìwé. Ẹ má ṣe ní kí ọmọdé sunkún nípa rírán an létí ẹni ẹ̀ tó ti kú, mo ti rí ẹni tó ṣe é, ìkà ni. Fún àwọn ọmọbìnrin, àtọmọdé àtàgbà, èèyàn méjì ó kéré tán gbọ́dọ̀ wà nínú yàrá, kí ọ̀kan jẹ́ obìnrin, kí ilẹ̀kùn ṣí sílẹ̀. Kò sí ọ́díṣọ̀n ní hòtẹ́ẹ̀lì. Kò sí ọ́díṣọ̀n lálẹ́. Tí pródúsà bá ní òun fẹ́ rí ẹnì kan lóun nìkan, ẹ ní kó wá sí kíláàsì yẹn lọ́jọ́ Sátidé. Iṣẹ́ lè bọ́ lọ́wọ́ yín nítorí ẹ̀, ó ti bọ́ lọ́wọ́ tèmi rí, ẹ jẹ́ kó bọ́.

Àwọn wáká páàsì, àwọn tó kàn ń kọjá nínú síìnì, ẹ kọ orúkọ wọn náà sílẹ̀, ẹ sọ iye tí wọ́n máa gbà fún wọn kí wọ́n tó wọ mọ́tò, ẹ sọ àsìkò tí wọ́n máa ṣe tán. Nílẹ̀ Faransé, wákàtí tí òṣèré bá fi ṣiṣẹ́ ni wọ́n ń kà, tó bá pé 507 láàárín oṣù 12, ìjọba á máa fún un ní owó táá fi gbéra lásìkò tí kò bá síṣẹ́, kékeré tàbí ńlá tó bá ṣe, wọ́n kà á mọ́ ọn. Ó máa ń wù mí tí mo bá rò ó.

Ó wá ku pípe àwọn èèyàn padà. Gbogbo ẹni tó wá ló gbọ́dọ̀ gbọ́ látọ̀dọ̀ yín, ẹni tẹ́ ẹ mú àti ẹni tẹ́ ẹ ò mú. Èyí tí mo máa ń kọ ò gùn: "Ẹ kú àárọ̀ o. Ẹ ṣeun tẹ́ ẹ wá lọ́jọ́ Sátidé. Ẹlòmíì la mú fún ipa yẹn lọ́tẹ̀ yìí. Mo fẹ́ràn bẹ́ ẹ ṣe dákẹ́ kẹ́ ẹ tó dá ìyá náà lóhùn, mo ti kọ ọ́ síwèé. Màá pa fídíò yín rẹ́, àyàfi tẹ́ ẹ bá fẹ́ kí n tọ́jú ẹ̀ fún iṣẹ́ mìíì." Ẹ fi nǹkan kan tó jẹ́ tiwọn gan-an sínú ẹ̀, ẹ má fi ọ̀rọ̀ kan náà ránṣẹ́ sí ogójì èèyàn. Ìdí nìyẹn tẹ́ ẹ fi nílò ìwé tẹ́ ẹ kọ nǹkan sí lọ́jọ́ yẹn.

Ẹ ṣọ́ra fún ohun kan o. Ẹni tẹ́ ẹ fi ṣe ìkejì fún ipa kọ̀ọ̀kan, ẹ má tíì sọ fún un pé ẹ ò mú un. Ẹni àkọ́kọ́ lè ní ìyàwó òun ò gbà, ó lè ti gba iṣẹ́ lọ́dọ̀ ẹlòmíì, ó lè ní owó náà kéré. Ẹ jẹ́ kí ẹni àkọ́kọ́ kọ́kọ́ fọwọ́ síwèé, kí owó àsansílẹ̀ ti wọlé sí àkáǹtì ẹ̀, kẹ́ ẹ tó wá gbé fóònù pe ẹni kejì. Fún òun, ẹ má tẹ àtẹ̀jíṣẹ́, ẹ pè é kó gbọ́ ohùn yín.